Àwòrán Ojú Kò Lè Rọ́pò Àmì Ohùn

Yorùbá bọ̀, wọ́n ní ẹyin ni ohùn; bí ó bá balẹ̀, fífọ́ ni í fọ́. Ọ̀rọ̀ ẹnu ni àwọn baba wa ní lọ́kàn nígbà tí wọ́n pa òwe yìí. Wọn kò rò ó pé ọjọ́ kan ń bọ̀ tí ohùn yóò máa fọ́ lórí ìwé, tí àwọn tí ó mọ̀wé jù láàárín wa yóò sì máa tẹ àfọ́kù rẹ̀ mọ́lẹ̀ kọjá lọ. Ọjọ́ náà ti dé. Èmi pàápàá wà lára àwọn tí ó tẹ̀ ẹ́ mọ́lẹ̀, nítorí náà kí ẹnikẹ́ni má ṣe rò pé mo gun orí òkè láti máa bá àwọn ará ìsàlẹ̀ wí.

Ní àárọ̀ ọjọ́ kan, akẹ́kọ̀ọ́ mi kan kọ ìwé sí mi láti orí kọ̀ǹpútà alágbèéká rẹ̀. Bí ó ti kọ ọ́ nìyí: ‘E kaaro sa. Oko baba mi ti baje. E jowo, mo fe lo sile fun ose kan.’ Ó wá fi àwòrán ojú mẹ́ta tí ó ń da omijé pòròpòrò parí rẹ̀. Mo mọ bàbá rẹ̀. Ọkọ̀ ògbólógbòó kan ni bàbá náà fi gbé e wá sí ilé-ẹ̀kọ́ ní ọdún àkọ́kọ́. Mo rẹ́rìn-ín músẹ́, mo sì dá a lóhùn pé kí bàbá wá mẹkáníìkì tí ó mọṣẹ́, pé ọkọ̀ kì í ṣe ohun tí akẹ́kọ̀ọ́ ń torí rẹ̀ sá fún ìdánwò, pé kí ó jókòó ti ìwé rẹ̀. Ọmọ náà gbọ́ràn, ó jókòó. Ó tó ọ̀sẹ̀ méjì kí n tó gbọ́ pé kì í ṣe ọkọ̀ ni ó bàjẹ́. Oko ni. Omi òjò ya wọ oko ẹ̀gẹ́ àti àgbàdo tí owó ilé-ẹ̀kọ́ ọmọ náà ń ti inú rẹ̀ jáde, bàbá nìkan ṣoṣo ni ó sì wà nínú ẹrẹ̀, tí ó ń hú ẹ̀gẹ́ kí ó tó jẹrà tán.

Mo tọrọ àforíjì lọ́wọ́ ọmọ náà. Lẹ́yìn èyí ni mo bi í léèrè ìdí tí kò fi fi àmì sí ọ̀rọ̀ rẹ̀. Ó ní, ‘Kọ̀ǹpútà mi kò gba àmì, sà. Ìdí nìyẹn tí mo fi fi ojú ẹkún sí i, kí ẹ lè mọ̀ pé ọ̀rọ̀ náà ká mi lára.’

Ẹ̀yin òǹkàwé wa, ẹ jẹ́ kí a yẹ ìdáhùn yìí wò dáadáa. Ojú ẹkún sọ fún mi pé ọmọ náà ń sunkún. Kò sọ ohun tí ó pa á lẹ́kún. Ẹlòmíràn lè sọ pé èmi ni mo jẹ̀bi, nítorí pé bí ọmọ náà ti kọ oko yẹn gan-an ni a ṣe ń kọ oko tí a ń ro. Òótọ́ ni. Ohùn àárín ni ó wà lórí fáwẹ́lì méjèèjì, a kì í sì í fi àmì sórí ohùn àárín. Ṣùgbọ́n ibẹ̀ gan-an ni ewu wà. Nínú ìwé tí a fi àmì sí bí ó ti yẹ, ibi tí kò sí àmì ń sọ̀rọ̀: ó ń sọ pé ohùn àárín ni. Nínú ìwé tí kò sí àmì kankan, ibi tí kò sí àmì ti yadi. Oko lè jẹ́ oko, ó lè jẹ́ ọkọ̀, ó lè jẹ́ ọkọ́, ó sì lè jẹ́ ọkọ. Ẹni tí kò bá fi àmì sí ọ̀rọ̀ tí ó nílò rẹ̀ ti ba èyí tí kò nílò rẹ̀ jẹ́ pẹ̀lú.

Ohun tí mo fẹ́ sọ kò ju ẹyọ kan lọ. Ẹnikẹ́ni tí ó bá mọ ọ̀nà àbùjá tí a fi ń mú emoji jáde lórí kọ̀ǹpútà alágbèéká kò ní àwáwí kankan mọ́ láti máa kọ Yorùbá láìlámì. Ìyàtọ̀ tí ó wà láàárín méjèèjì kì í ṣe ti ẹ̀rọ. Ti ìfẹ́ ni.

Ẹ jẹ́ kí a kọ́kọ́ wo ọ̀nà àbùjá náà, kí a má baà máa jà lórí ohun tí a kò mọ̀. Lórí kọ̀ǹpútà tí ó ń lo Windows, ẹni tí ó bá fẹ́ emoji yóò tẹ bọ́tìnnì Windows mọ́ àmì ìdánudúró lẹ́ẹ̀kan náà. Kíá ni fèrèsé kékeré kan yóò ṣí, tí gbogbo ojú ẹ̀rín, ojú ẹkún, ọwọ́ àti òdòdó yóò tò síbẹ̀. Lórí Mac ti ilé-iṣẹ́ Apple, bọ́tìnnì mẹ́ta ni yóò tẹ̀ pọ̀: Control, Command àti bọ́tìnnì gbọọrọ tí a fi ń fi àyè sílẹ̀. Kò sí ọmọ ilé-ẹ̀kọ́ gíga kan nílẹ̀ yìí tí a gbọ́dọ̀ kọ́ ní èyí lẹ́ẹ̀mejì. Bí ọ̀kan bá ti rí i lọ́wọ́ ọ̀rẹ́ rẹ̀ ní òwúrọ̀, kí ó tó di alẹ́ gbogbo yàrá ti mọ̀ ọ́n.

Nísinsìnyí, báwo ni a ṣe ń kọ Yorùbá lórí ẹ̀rọ kan náà? Lórí Windows, a ó wọ ibi ètò èdè lẹ́ẹ̀kan péré, a ó sì fi pátákó ìtẹ̀wé Yorùbá kún èyí tí ó wà níbẹ̀. Láti ọjọ́ náà lọ, bọ́tìnnì Windows kan náà ni a ó máa tẹ̀ mọ́ bọ́tìnnì gbọọrọ, pátákó yóò sì yí kúrò ní ti Gẹ̀ẹ́sì sí ti Yorùbá. Bọ́tìnnì méjì fún ẹ̀rín, bọ́tìnnì méjì fún Yorùbá. Lórí Mac, pátákó kan wà tí wọ́n ń pè ní ABC Extended. Bí a bá ti fi í kún ètò ẹ̀rọ náà, Control àti bọ́tìnnì gbọọrọ ni yóò gbé wa dé orí rẹ̀. Níbẹ̀, bí a bá tẹ Option mọ́ x, kí a tó tẹ e, ẹ ni yóò jáde. Ẹ kà á: bọ́tìnnì mẹ́ta ni a fi ń ṣí ilé emoji lórí Mac, méjì ni a fi ń lọ sí orí pátákó tí ó gba lẹ́tà wa. Ọ̀nà tiwa ni ó kúrú jù, síbẹ̀ òun ni koríko hù dí.

Ẹni tí kò bá fẹ́ yí pátákó rárá ṣì ní ọ̀nà mìíràn nínú Microsoft Word ti Windows. Bí ó bá tẹ 1F602, tí ó sì tẹ Alt mọ́ X, ojú tí ń rẹ́rìn-ín títí omijé fi ń bọ́ yóò jáde. Bí ó bá tẹ 1EB9, tí ó tẹ Alt mọ́ X, ẹ yóò jáde. 1ECD ni ti ọ, 1E63 ni ti ṣ. 0301 ni yóò gbé àmì ohùn òkè lé lẹ́tà tí ó ṣáájú rẹ̀ lórí, 0300 sì ni ti ohùn ìsàlẹ̀. N kò sọ pé kí a máa fi ọ̀nà yìí kọ odindi ìwé. Ìyà ni yóò jẹ́. Mo mẹ́nu kàn án kí ẹ lè rí i pé ojú ẹ̀rín àti ẹ jọ jókòó sínú ìwé orúkọ kan náà ni, olúkúlùkù pẹ̀lú nọ́ńbà tirẹ̀. Ẹ̀rọ kò fẹ́ràn ọ̀kan ju èkejì lọ.

Àwọn kan láàárín àwọn tí ó mọ̀ nípa kọ̀ǹpútà yóò dìde báyìí. Wọn yóò ní irọ́ ni mo ń pa, pé Unicode, ìyẹn ẹgbẹ́ tí ń fún gbogbo lẹ́tà ayé ní nọ́ńbà, ti rẹ́ wa jẹ. Wọn yóò ní ẹgbẹ́ náà fún emoji tí ó lé ní 3,000 láyè, ṣùgbọ́n kò fún ẹ́ ní nọ́ńbà kan ṣoṣo. Pé ẹ àti àmì orí rẹ̀ ni a gbọ́dọ̀ so pọ̀ kí ó tó di odindi. Bí ọ̀rọ̀ ti rí nìyẹn lóòótọ́, ó sì dùn mí nígbà tí mo kọ́kọ́ gbọ́ ọ. Ṣùgbọ́n ẹ jẹ́ kí n bi wọ́n ní ìbéèrè kan. Àtàǹpàkò dúdú tí wọ́n ń fi ránṣẹ́ sí ara wọn láti fi hàn pé ọ̀rọ̀ wọlé, nọ́ńbà mélòó ni ó ní? Méjì ni. Ọ̀kan jẹ́ ti àtàǹpàkò, èkejì jẹ́ ti àwọ̀ ara, èyí tí Unicode fi kún un ní 2015. Àwòrán bàbá, ìyá àti ọmọ tí ó dúró pọ̀ lójú kan ju méjì lọ. Kò sí ẹni tí ó ké gbàjarè pé wọ́n rẹ́ àtàǹpàkò jẹ, nítorí pé ẹ̀rọ ni ó ń so wọ́n pọ̀, ọwọ́ ẹni tí ń tẹ̀ ẹ́ kò mọ̀ sí i. Bẹ́ẹ̀ gẹ́gẹ́ ni pátákó ìtẹ̀wé tí ó dára ṣe ń so ẹ àti àmì rẹ̀ pọ̀. Àsopọ̀ kì í ṣe ìyà. Àìlo ohun tí ó ń sopọ̀ ni ìyà.

Bí a bá tilẹ̀ fẹ́ mọ ìdí tí ọ̀nà emoji fi já gaara, ẹ jẹ́ kí a wo ìtàn rẹ̀. Èdè Japan ni ọ̀rọ̀ náà: e ni àwòrán, moji ni lẹ́tà. Ní 1999, Shigetaka Kurita ya 176 nínú wọn fún i-mode, iṣẹ́ kan tí ilé-iṣẹ́ tẹlifóònù NTT DoCoMo dá sílẹ̀ ní Japan. Àwọn ilé-iṣẹ́ tẹlifóònù mìíràn níbẹ̀ ya tiwọn, àwòrán ti ọ̀kan kì í sì í yé ẹ̀rọ ti èkejì. Nígbà tí ó yá, àwọn ènìyàn láti Google àti Apple kó ọ̀rọ̀ náà jọ, wọ́n kọ ìwé, wọ́n sì gbé e lọ síwájú Unicode. Ní 2010, Unicode gbà wọ́n wọlé. Ní 2015, àwọn tí ń ṣe ìwé atúmọ̀ èdè Oxford fi ojú ẹ̀rín olómijé ṣe ọ̀rọ̀ ọdún náà. Ní 2016, ilé ìkóhun-ìṣẹ̀ǹbáyé MoMA ní New York gba 176 ti Kurita sínú àkójọ rẹ̀. Kò sí èyí tí ó já bọ́ láti ọ̀run nínú gbogbo rẹ̀. Àwọn ènìyàn ni wọ́n jókòó, tí wọ́n bèèrè, tí wọ́n sì ṣiṣẹ́ lé e lórí.

Àwọn baba tiwa náà jókòó. Ní 1875, wọ́n pàdé ní Èkó lórí bí a ó ṣe máa kọ èdè yìí sílẹ̀, Samuel Ajayi Crowther sì ti ṣiṣẹ́ lórí rẹ̀ fún ọ̀pọ̀ ọdún ṣáájú. Ní 1966, ìgbìmọ̀ mìíràn tún jókòó lórí àkọtọ́. Ní 1974, ìjọba fi ọwọ́ sí àkọtọ́ tí a ń lò ní ilé-ẹ̀kọ́ títí di òní. Ẹ rántí irú ẹ̀rọ tí ó wà nígbà náà. Ẹ̀rọ ìtẹ̀wé onírin, tí kò mọ ẹ yàtọ̀ sí e, ni àwọn olùkọ́ wa ń lò. Bí wọ́n bá tẹ ojú ìwé kan tán, wọ́n á mú bírò, wọ́n á sì bẹ̀rẹ̀ sí í fi ọwọ́ kan àmì sórí àti sábẹ́ lẹ́tà lọ́kọ̀ọ̀kan. Bí ìwé náà bá jẹ́ igba ojú ewé, igba náà ni wọn yóò fi ọwọ́ tọ̀. Àwa tí a ní ẹ̀rọ tí ó gba gbogbo àmì yìí ni a wá ń sọ pé ó ń gba àkókò. Ojú wa kò tì wá.

Àwáwí mìíràn wà tí ó ní ẹwà lójú, òun ni mo sì bẹ̀rù jù. Àwọn ọ̀mọ̀wé kan ń sọ pé emoji kì í ṣe ohun àjèjì sí wa, pé àrokò ayé òde òní ni, pé àwọn baba wa ti ń fi àmì ránṣẹ́ sí ara wọn kí Japan tó ronú rẹ̀. Wọ́n ní kí ni a ń da ara wa láàmú fún lórí àmì ohùn nígbà tí a ti padà sí ọ̀nà àwọn baba wa? Ọ̀rọ̀ dídùn ni. Kò ní egungun. Ẹ jẹ́ kí a bi àrokò fúnra rẹ̀. Bí ènìyàn bá fi owó ẹyọ mẹ́fà ránṣẹ́ sí ẹnìkan, ohun tí ó ń sọ ni pé ọkàn òun fà sí i. Bí ó bá fi mẹ́jọ ránṣẹ́, ó ń sọ pé ọ̀rọ̀ àwọn jọra, pé ohùn àwọn ṣọ̀kan. Níbo ni ìtumọ̀ yìí ti wá? Kò sí nínú àwọ̀ owó ẹyọ, kò sì sí nínú ìrísí rẹ̀. Inú èdè ni ó ti wá: ẹẹ́fà àti fà, ẹẹ́jọ àti jọ. Bí a bá ṣi ohùn gbé, fà á di fá, ẹni tí a ń fi ìfẹ́ ránṣẹ́ sí yóò sì máa wá abẹ ìfárí. Jọ á di jọ̀, ó di ọ̀rọ̀ èlùbọ́ àti ajọ̀. Àrokò dúró lórí ohùn bí ilé ti ń dúró lórí ìpìlẹ̀. Ẹni tí ó bá fẹ́ fi àrokò gbèjà àìlámì ń fi òrùlé jà kí a wú ìpìlẹ̀.

Àwáwí tí ó kù ni ti àwọn tí ń sọ pé ojúlówó ọmọ Yorùbá kò nílò àmì, pé bí ó bá ti ka gbólóhùn dé òpin, yóò mọ ohun tí a ń sọ. Èmi tí mo ń kọ ìwé yìí, ọmọ Yorùbá ni mí. Èdè náà ni mo sì ń jẹ. Mo ka gbólóhùn akẹ́kọ̀ọ́ mi dé òpin, mo tún fi ojú ẹkún rẹ̀ kún un, síbẹ̀ mo fi oko pe ọkọ̀. Bí ó bá lè ṣẹlẹ̀ sí mi, kí ni yóò ṣe ọmọ wa tí a bí sí London tàbí Houston, tí ó jẹ́ pé orí ìwé nìkan ni ó ti ń pàdé púpọ̀ nínú ọ̀rọ̀ wa? Kí ni yóò sì ṣe ẹ̀rọ tí ó ń kọ́ èdè wa láti inú ohun tí a bá kọ sílẹ̀? Ohun tí a bá fún un ni yóò dá padà fún wa.

N kò bá emoji jà o. Èmi náà ń fi ojú ẹ̀rín ránṣẹ́ sí àwọn ọmọ mi, ó sì ń dùn mọ́ wọn. Bí ọ̀rẹ́ bá sọ̀rọ̀ àwàdà, tí ènìyàn fi ojú ẹ̀rín dá a lóhùn, kò sí ohun tí ó bàjẹ́. Ohun tí mo ń bá jà ni kí a fi í ṣe ọ̀pá ìtìlẹ̀ fún ọ̀rọ̀ tí a ti kọ́kọ́ ṣẹ́ ní ẹsẹ̀. Bí a bá kọ ọkọ̀ bí ó ti yẹ, a kò nílò àwòrán mọ́tò lẹ́yìn rẹ̀. Bí a bá kọ oko nínú ìwé tí ó ní àmì, yóò dá dúró fúnra rẹ̀.

Kí wá ni ṣíṣe? Èkíní, kí olúkúlùkù olùkọ́ èdè Yorùbá ya wákàtí kan sọ́tọ̀ ní ìbẹ̀rẹ̀ sáà, kí ó jókòó pẹ̀lú àwọn akẹ́kọ̀ọ́ rẹ̀, kí wọ́n jọ fi pátákó ìtẹ̀wé Yorùbá sórí ẹ̀rọ wọn. Kí ó má ṣe rò pé wọ́n ti mọ̀ ọ́n. Èkejì, kí a kọ́ ẹ̀rọ ní àwọn ọ̀rọ̀ tí kò ní ojú méjì. Word lè máa sọ Yoruba di Yorùbá, Oyo di Ọ̀yọ́, Osogbo di Òṣogbo, bí a bá sọ fún un lẹ́ẹ̀kan pé kí ó máa ṣe bẹ́ẹ̀. Ṣebí òun náà ni ó ń sọ àmì méjì tí a tẹ̀ tẹ̀lé ara wọn di ojú ẹ̀rín láìbi wá. Ṣùgbọ́n kí a má ṣe fi oko lé e lọ́wọ́. Òǹkọ̀wé nìkan ni ó mọ èyí tí ó ń wí. Ẹ̀kẹta, kí àwọn olóòtú ìwé ìròyìn àti ìwé àtìgbàdégbà wa dá iṣẹ́ tí kò ní àmì padà fún ẹni tí ó kọ ọ́, kí wọ́n má ṣe máa bá a tò ó.

Ẹ̀kẹrin kan ẹgbẹ́ wa gan-an. Unicode ní àkójọ kan tí wọ́n ń pè ní CLDR, níbi tí a ti kọ orúkọ àwọn emoji, ti ọjọ́, ti oṣù àti ti orílẹ̀-èdè sí ní ọ̀pọ̀lọpọ̀ èdè ayé. Yorùbá wà lára wọn. Iṣẹ́ àwọn onímọ̀ èdè ni láti yẹ àkójọ bẹ́ẹ̀ wò, kí wọ́n tún èyí tí ó wọ́ ṣe, kí ó sì jẹ́ Yorùbá tí ìyá wa lè gbọ́. Bí àwa tí a ń pe ara wa ní onímọ̀ kò bá débẹ̀, ẹni tí ó bá débẹ̀ ni yóò sọ wá lórúkọ.

Akẹ́kọ̀ọ́ mi ti jáde ilé-ẹ̀kọ́ báyìí. Kí ó tó lọ, ó tún kọ ìwé kan sí mi. Gbogbo àmì inú rẹ̀ pé. Ó ní oko bàbá òun ti ń padà bọ̀ sípò, pé àgbàdo tuntun ti yọ ọmọ. Kò fi ojú ẹ̀rín kankan sí i. Mo kà á tán, èmi ni mo rẹ́rìn-ín.